Ìwé Àdéhùn tó Wà ní Peckham

Kò, kò, kò. Ogún obìnrin ń fi òkúta pa èkùrọ́ lórí àpáta lẹ́ẹ̀kan náà. Ó lé ní àádọ́ta ọdún tí Làtíìfù ti gbọ́ ìró yẹn kẹ́yìn. Lónìí ó tún ń dún létí rẹ̀ ní Rye Lane, ní Peckham ní London, bó ti ń ti Jímọ̀ bọ̀, nítorí ọ̀rọ̀ àpáta náà ni Basit àbúrò rẹ̀ ń bá a sọ lórí fóònù.

Ilé-iṣẹ́ tó ń fọ́ òkúta ti ṣe tán láti gba ilẹ̀ náà lọ́wọ́ ìdílé Làtíìfù. Àwọn ará abà tó ń dáko nídìí àpáta ló lọ sí kóòtù, wọ́n ní àwọn baba àwọn bá ìdílé náà ṣe ìwé àdéhùn. Ìwé tiwọn ti jóná mọ́lé. Basit mọ ibi tí èkejì wà.

"Bọ̀ọ̀dá mi, mi ò ní kí ẹ purọ́. Ẹ ṣáà dákẹ́. Yàrá bàbá wa nílé, ẹ̀yin ni mo pa á mọ́ dè, kí ẹ lè rí ibi sùn bí ẹ bá wálé."

Ẹni tó bá dákẹ́, tara rẹ̀ a bá a dákẹ́. Àmọ́ tibí, tẹlòmíràn ni yóò bá a dákẹ́. Ọjọ́ kẹrin rèé tí Adéníkẹ́, ọmọ abà náà, ti fi ohùn ránṣẹ́ sí i lórí Wasáàpù, tó ń bẹ̀ ẹ́ pé kó bá àwọn wá ìwé náà. Kò tíì fèsì.

Nílé, ó gbé àpótí sọ̀kalẹ̀. Àárín sátífíkéètì rẹ̀ ló ti bá a: abala ìwé kan tí wọ́n ya láti inú ìwé ilé-ẹ̀kọ́, ìka mẹ́rin ni wọ́n tẹ̀ sísàlẹ̀ rẹ̀. Nígbà yẹn, òun nìkan ló mọ̀wé nínú ìdílé. Òun ló kọ ọ́.

Bàrákàt ọmọ rẹ̀ ti ibi iṣẹ́ dé láti Catford, ó sì gbà á lọ́wọ́ rẹ̀. Pẹ̀lú ahọ́n Peckham rẹ̀, ó ń fi ìka tẹ̀ lé ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan: "Níwọ̀n ìgbà tí... àpáta yìí bá ṣì wà, ọmọ wa kò ní lé ọmọ yín." Ó gbójú sókè. "Daddy, 'ọmọ wa' yìí, ṣé èmi náà wà níbẹ̀?"

Ọdún tí Làtíìfù kọ ọ̀rọ̀ yẹn, kò tíì mọ ìyá ọmọ yìí rárá.

"O wà níbẹ̀," ó ní, ó na fóònù rẹ̀ sí i. "Bá mi ya fọ́tò ẹ̀."

"Uncle Basit máa vex o."

"Mo mọ̀. Tètè yà á, kí n tó tún rò ó."

Ó gba fóònù padà, ó jókòó, ó fi ìka kan tẹ̀ ẹ́ díẹ̀díẹ̀:

"Adéníkẹ́, má bínú pé mo pẹ́. Ìwé náà rèé. Èmi ni mo kọ ọ́, ìṣojú mi ni bàbá mi àti bàbá bàbá rẹ tẹ̀ka sí i. Bí kóòtù bá fẹ́ gbọ́ ọ lẹ́nu mi, màá wá. Ẹ bá mi wá ibi tí n óò sùn sí lábà."