Ìyàwó Rere Orí Tẹlifíṣọ̀n

Àwo bọ́ lọ́wọ́ ọmọbìnrin kékeré kan, ó fọ́ yángá mọ́lẹ̀ nílé ìdáná. Kí ẹnikẹ́ni tó sọ̀rọ̀, ó ti pa àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì pọ̀, ó tẹ orí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó kọjú sí bàbá rẹ̀.

"Ẹ dárí jì mí. Ẹ̀bi mi ni. Mi ò mọ nǹkan kan ṣe."

Bàbá rẹ̀ bú sẹ́rìn-ín. "Ẹ gbọ́ nǹkan! Ó ti gba iṣẹ́ lọ́wọ́ ìyá ẹ̀!"

Ìyá rẹ̀ kò rẹ́rìn-ín.  Òun ló ni ọ̀rọ̀ yẹn. Òun ló ń sọ ọ́ lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀ nínú eré orí tẹlifíṣọ̀n tí gbogbo èèyàn fi ń pè é ní Ìyàwó Rere. Ọkọ inú eré á wọlé, á pariwo, á ti oúnjẹ sẹ́yìn. Òun á sunkún, á bẹ̀bẹ̀. Àwọn obìnrin a máa dì mọ́ ọn lójú títì pé ó káre. Ó káre kẹ̀? Ọmọ ọdún mẹ́fà ti há a sórí!

Ìyá náà dé ibi iṣẹ́. Wọ́n tanná, wọ́n gbé oúnjẹ ka tábìlì. Ọkọ inú eré bú ramúramù, ó ti àwo sẹ́yìn. Ó wá kan ìyàwó. Omijé kọ̀, kò wá.

"Ẹ dúró!" Olùdarí eré sún mọ́ ọn. "Àǹtí, kí ló dé? Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ ẹkún sun!"

"Ẹ jọ̀ọ́, ṣé dandan ni kí n bẹ̀ ẹ́? Kí ni mo ṣe?"

"Ohun táwọn èèyàn fẹ́ wò nìyẹn." Ó rẹ ohùn sílẹ̀. "Ẹ rántí ìyàwó tá a kọ́kọ́ lò. Ó ń bá wa jiyàn, la bá ní ó rìnrìn àjò nínú eré. Kò tíì dé."

Ìyá náà padà sí ìdí tábìlì. Ó ti wá irú iṣẹ́ yìí títí kó tó rí i.

Wọ́n tún bẹ̀rẹ̀. Ọkọ tún bú, ó tún ti àwo. Ìyàwó la ẹnu láti bẹ̀bẹ̀, àmọ́ ohùn ọmọ rẹ̀ ló ń ró létí rẹ̀.

"Kò sí nǹkan kan tó ṣe oúnjẹ yẹn," ló sọ. "Tẹ́ ò bá jẹ ẹ́, ẹ gbé e padà sílé ìdáná."

 Ó ń retí kí olùdarí dá wọn dúró. Ẹ̀rù bà á, ṣùgbọ́n kò gbé ojú kúrò lára ọkùnrin náà. Ọkọ tó ti ń bú látàárọ̀ la ẹnu, ó pa á dé, ó wo olùdarí, ó wo àwo. Láti ọjọ́ tí eré náà ti bẹ̀rẹ̀, kò sẹ́ni tó kọ ọ̀rọ̀ kankan fún un tí yóò sọ bí ìyàwó rẹ̀ kò bá bẹ̀bẹ̀.