Olú Tí Kò Ní Gbòǹgbò

"Ẹni tí kò bá nílé níbí kì í wọlé," ni Láwàlì, ẹ̀ṣọ́ ẹnu géètì, wí. Kò tilẹ̀ dìde lórí àga rẹ̀. "Àti pé, Màmá, olú lẹ tún ń wá? Ẹ lọ ra ẹran jẹ, ẹ jàre."

Àràmídé kò gbóhùn sókè. Láti ìgbà tó ti jáde ní yunifásítì tó ń wáṣẹ́ kiri ló ti mọ̀ pé ẹni tó bá pariwo lẹ́nu géètì, ìta ni yóò wà. Ó ṣàlàyé pé ọmọ ẹ̀gbọ́n òun wà ní ọsibítù, pé olú tí wọ́n já nínú ọgbà yìí ni ọmọ náà jẹ, pé dókítà ní kí wọ́n wá irú rẹ̀ wá kí òun lè mọ májèlé tí òun ń bá jà.

"Bí ẹ bá fẹ́ dá wa dúró," ó parí ọ̀rọ̀, "ẹ sọ orúkọ yín fún mi, kí n lè mọ orúkọ tí màá sọ fún bàbá ọmọ náà."

Láwàlì wo Màámi, ìyá Àràmídé, tó dúró lẹ́yìn ọmọ rẹ̀ pẹ̀lú igi ṣóńṣó lọ́wọ́. Ó dìde, ó ṣí géètì.

"Ẹ tètè ṣe o. Bí ọ̀gá bá dé, èmi ò rí yín."

Igbó ni ibẹ̀ kí wọ́n tó sọ ọ́ di ẹsítéètì. Láti ìgbà tí Màámi ti wọlé ọkọ ní Adigbe ló ti ń já olú níbẹ̀ lọ́dọọdún, bí òjò bá ti rọ̀ tó. Òfin méjì ló gbà lẹ́nu ìyá ọkọ rẹ̀. A kì í ṣẹ́ olú lọ́rùn. Igi la fi ń wa ìdí rẹ̀, nítorí ojúlówó olú ọ̀gán ní gbòǹgbò gígùn tó lọ jìnnà sínú ilé ikán. Lẹ́yìn èyí, ẹni tó já olú ni yóò kọ́kọ́ jẹ ẹ́. Bí ilẹ̀ bá mọ́ tí ara rẹ̀ sì le, ìyókù ilé á jẹ.

Lọ́dún yìí, katakata ti wó ọ̀gán náà. Díẹ̀ ló ṣẹ́ kù lẹ́bàá ògiri, olú tó sì hù níbẹ̀ kò bo ìsàlẹ̀ agbọ̀n. Màámi rí òmíràn tó funfun bákan náà lábẹ́ àwọn igi ọ̀ṣọ́ tí wọ́n kó wá láti òkèèrè tòun ti erùpẹ̀ wọn. Ẹ̀yìn ń dùn ún, ilẹ̀ ibẹ̀ sì le. Ó ṣẹ́ wọn lọ́rùn, ó kó wọn sínú agbọ̀n kan náà. Nígbà tó délé, ti ọ̀gán ló kọ́kọ́ sè, nítorí wọ́n ti là tán, wọn kò ní pẹ́ bàjẹ́. Ó jẹ ẹ́ ní ìrọ̀lẹ́ Sátidé, ó sì jí ire. Lọ́jọ́ Àìkú, lẹ́yìn ìsìn, ó se ìyókù fún Lois, ọmọ Láńre ẹ̀gbọ́n Àràmídé, torí kò lè tó gbogbo ilé, ọmọ náà sì fẹ́ràn olú. Ó pa òfin mọ́. Òfin náà ni kò mọ̀ pé agbọ̀n kan lè gba ilẹ̀ méjì.

Ohun kan wà tí Àràmídé kò tíì sọ fún ìyá rẹ̀. Dókítà ti sọ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ ọsibítù pé bí òun tilẹ̀ mọ májèlé náà, oògùn rẹ̀ kò sí nílùú. Ó ní kí wọ́n ṣáà wá a wá. Ó jọ pé ó fẹ́ kí àwọn ẹbí rí nǹkan ṣe ni.

"Ibí ni," Màámi wí.

Àràmídé gba igi, ó wa ilẹ̀. Ìdí olú náà rí rogodo, ó jókòó sínú awọ kan bí ẹyin tó ti bẹ́.

"Gbòǹgbò rẹ̀ ńkọ́?"

"Kò ní, Màámi."

"Wà á sí i."

"Mo ti wà á dé ìdí. Kò ní."

Màámi rọra jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Fóònù Àràmídé dún. Láńre ni. Ohùn rẹ̀ tẹ́jú pẹrẹsẹ. Ó béèrè bóyá wọ́n ti jẹun, ó béèrè bóyá oòrùn mú. Lẹ́yìn náà ló ní kí wọ́n má wulẹ̀ wá sí ọsibítù mọ́, kí wọ́n máa bọ̀ nílé.

"Láńre nìyẹn," Màámi wí. "Ọsibítù ló ní ká wá, àbí ilé?"

Àràmídé wá irọ́ kan lọ, kò rí èyí tó tó.

"Ilé ni."

Màámi kò sunkún. Àràmídé gbé ẹsẹ̀ láti tẹ olú náà mọ́lẹ̀, ṣùgbọ́n ìyá rẹ̀ ti di ọrùn ẹsẹ̀ rẹ̀ mú.

"Má tẹ̀ ẹ́. Fi í sínú ọ̀rá fún mi."

"Ta la fẹ́ mú un lọ fún? Dókítà ò nílò rẹ̀ mọ́."

"Bàbá ọmọ. Yóò bi mí léèrè ohun tí mo fún ọmọ òun jẹ. Ìwọ ò gbọdọ̀ bá mi dáhùn, o ò sì gbọdọ̀ sọ pé àmúwá Ọlọ́run ni."

Ní ẹnu géètì, Láwàlì béèrè bóyá wọ́n rí i. Màámi ní àwọn rí i, ó sì dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ pé ó ṣílẹ̀kùn. Àràmídé na ọwọ́ láti gba ọ̀rá náà. Màámi kò fún un. Ó fi ọwọ́ méjèèjì gbé e níwájú àyà, ó bọ́ síwájú, ó kọrí sílé.