Nígbà Tí Ààrò Kò Sí Nílé

Ọjọ́ tí Panas gbé òòlù lé ààrò ilé rẹ̀ ni mo ti sọ fún un pé wàhálà ló ń fọwọ́ ara rẹ̀ fà. Kò gbọ́. Ta ni Panas ti gbọ́rọ̀ sí lẹ́nu rí? Ọkùnrin tó ti kọ ìwé lórí bí wọ́n ṣe ń rẹ́ ògiri amọ̀, lórí bí wọ́n ṣe ń fi koríko bo òrùlé, lórí bí wọ́n ṣe ń gbé ilẹ̀kùn tí kò ní máa han, ṣé irú ẹni bẹ́ẹ̀ ló máa gba ìmọ̀ràn lẹ́nu èmi Melaniya, opó tó ń sin adìyẹ?

"Kuma," ó ní, "ìwé ààrò tí kò ní àwòrán, ọbẹ̀ borsch tí kò ní kábéèjì ni. Màá wó o lulẹ̀, màá tún un mọ, ẹ̀yin ẹ máa ya fọ́tò bí mo bá ṣe ń mọ ọ́n. Ẹni tó bá ra ìwé náà á rí gbogbo rẹ̀ látìsàlẹ̀ dókè."

"Kí lẹ ó máa fi se oúnjẹ, kum?"

"Ṣebí ẹ̀ẹ̀rùn la wà. A óò máa dáná níta."

Kuma ni òun àti Hafiya ìyàwó rẹ̀ ń pè mí, nítorí èmi ni mo gbé Uliana ọmọ wọn dání níbi ìrìbọmi; èmi náà sì ń pe Panas ní kum. Ọmọ náà ti dàgbà, ó ti wà ní Kyiv, àmọ́ oyè mi ṣì wà lórí mi. Tọkọtaya náà kò níṣẹ́ méjì ju ìwé lọ. Panas ń kọ tilé kíkọ́. Hafiya ń kọ ìtàn àwọn ọmọdé, òun náà ló sì kọ ìwé ìtàn Verbivka abúlé wa, láti ìgbà tí ẹni àkọ́kọ́ ti ri òpó mọ́lẹ̀ létí odò títí di òní. Yàrá iwájú ni ilé iṣẹ́ wọn. Páálí ìwé wà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, páálí ìwé wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn, ológbò ń bímọ sórí páálí ìwé.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tó jẹ́ kí ẹ̀rù bà mí. Lọ́dọ̀ tiwa, a kì í sọ ọ̀rọ̀ burúkú níwájú ààrò. Bí inú bá bí ẹ sí ẹnì kan débi pé ètè ẹ ń gbọ̀n, ohun tó o máa sọ ni pé, "Ǹ bá sọ ọ́ fún ẹ, àmọ́ ààrò wà nílé." Ọ̀rọ̀ parí nìyẹn. Bí Hafiya àti Panas ṣe bá ara wọn gbé títí ewú fi gba orí wọn nìyẹn. Àìmọye ìgbà ni mo ti jókòó nídìí tábìlì wọn, tí mo rí i tí Hafiya lanu, tó bojú wo ààrò, tó sì pa ẹnu rẹ̀ dé. Èmi rò pé ọ̀rọ̀ tó ń gbé mì yẹn ti ń dà nínú rẹ̀ bí oúnjẹ. Irọ́ ni. Ó wà níbẹ̀ digbí.

Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ tí wọ́n wó ààrò náà ló bẹ̀rẹ̀.

"Panas," Hafiya ní, "o ti da eérú sínú ṣúgà mi."

"Ìwọ lo gbé ṣúgà síbi tí eérú wà."

Hafiya lanu. Ó yíjú sí ààrò bó ṣe máa ń ṣe. Kò sí nǹkan kan níbẹ̀ mọ́, àfi ihò àti ògiri tí èéfín ti kùn dúdú. Ó wò ó fún ìgbà díẹ̀, ó wá rẹ́rìn-ín músẹ́. Ẹ̀rín yẹn gan-an ló kó mi láyà sókè.

"Panas ọkọ mi," ó ní pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, "òrùlé tó ò ń kọ́ gbogbo ayé láti bò yẹn, tiwa ń jò sórí ìrọ̀rí mi láti ìgbà tí mo ti lóyún Uliana."

Panas náà wo ibi tí ààrò ti kúrò. Ó rí i pé ọ̀nà ṣí.

"Ṣé ìwọ náà ń sọ̀rọ̀?" ó ní. "Ìwọ tó o kọ ìtàn abúlé! Bàbá bàbá tìẹ gba odidi orí kan. Bàbá bàbá tèmi tó kọ́ ilé ìsìn tó wà lórí òkè yẹn, ìlà méjì! Nínú ìlà méjì ọ̀hún náà, o tún ní ọ̀mùtí ni."

"Ṣé kì í mu ni?"

"Ṣé inú ìwé ìtàn ló yẹ kíyẹn wà?"

"Ṣé kí n kọ ọ́ fáwọn ọmọdé ni?"

Èmi dìde, mo ní adìyẹ mi ń dúró dè mí. Ahọ́n àti eyín tí wọ́n jọ ń gbé ẹnu kan náà ń jà, kí ni mo fẹ́ dá sí?

Bó ṣe ń lọ lójoojúmọ́ nìyẹn. Bí bíríkì bá gun orí bíríkì, èébú gun orí èébú. Àmọ́ nǹkan kan ṣẹlẹ̀ tí mi ò retí. Àṣé wọn ò ka ìwé ara wọn tán rí! Panas gbà pé ìwé Hafiya, ọ̀rọ̀ ẹyẹ lásán ni. Hafiya gbà pé ìwé Panas, ọ̀rọ̀ ìṣó ni. Nígbà tí èébú wá ń tán lẹ́nu wọn, kálukú gbé ìwé ẹnì kejì rẹ̀, ó ń wá àléébù inú rẹ̀.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, mo ń gbé ẹyin kọjá lẹ́bàá ọgbà wọn, mo gbọ́ ẹ̀rín. Panas ló jókòó sábẹ́ igi ṣẹ́rì, ó ń ka ìtàn tí Hafiya kọ nípa ẹyẹ àkọ̀ kan tó ní irunmú, tó ń kọ́ ìtẹ́ tó sì gbàgbé láti fi ibi tí òun fúnra rẹ̀ máa gbà wọlé sílẹ̀. Ikùn Panas ń mì, omijé ń bọ́ lójú rẹ̀. Bó ṣe rí mi, ó fajú ro kíá.

"Kuma, ṣé ẹ mọ̀ pé èmi ni ẹyẹ yìí?"

"Gbogbo ọmọ iléèwé ló mọ̀."

"Ẹ̀yin náà mọ̀, ẹ ò sì sọ fún mi?"

"Kum, ẹyẹ tó ń wá òòlù káàkiri abúlé, tí òòlù sì wà lábíyá rẹ̀! Ta lẹ rò pé ó jẹ́?"

Ohun tójú ń wá lojú ń rí. Ó tún ìwé náà ṣí, ó sì ń ka ìyókù.

Ní ti Hafiya, ìwé tí Panas ti kọ tẹ́lẹ̀ lórí ilé ìdáná ló gbé. Ó kà á títí, kò rí àléébù, inú sì ń bí i pé kò rí i. Obìnrin kan láti Chernihiv ló wá bá a rí i. Obìnrin náà pè wọ́n lórí fóònù nígbà tí a ń jẹ varenyky lọ́wọ́, ìyẹ̀fun pípò tí wọ́n ki èso ṣẹ́rì sí nínú, Hafiya sì gbé fóònù náà sáàárín tábìlì kí gbogbo wa lè gbọ́.

"Mo mọ ààrò bí ìwé yín ṣe wí gẹ́lẹ́," obìnrin náà ní. "Pẹpẹ tí wọ́n ń gbé ìkòkò lé níwájú rẹ̀ ti lọlẹ̀ jù. Bí mo bá fẹ́ gbé ọbẹ̀, àfi kí n dọ̀bálẹ̀. Ẹ̀yìn ń pa mí! Àwọn pẹpẹ abọ́ náà, orúnkún mi ni wọ́n wà. Ta lẹ kọ́ ilé ìdáná yìí fún?"

Hafiya pa fóònù. Ojú rẹ̀ ń dán.

"Òun kọ́ ló kọ́kọ́ pè," ó ní. "Kí n tó bẹ̀rẹ̀ sí í ka ìwé yẹn, mi ò mọ ohun tí wọ́n ń sọ. Aràrá lo kọ́ ilé ìdáná fún, Panas! Obìnrin wo ló kúrú tó báyẹn lórílẹ̀-èdè yìí?"

Mo dúró kí Panas fún un lésì. Panas pọ́n dé etí. Ó fi fọ́ọ̀kì sílẹ̀, ó dìde, ó jáde, varenyky oníṣẹ́rì sì kù sínú àwo rẹ̀. Láti ìgbà tí mo ti mọ ọkùnrin náà, mi ò rí i kó fi oníṣẹ́rì sílẹ̀ rí.

Ẹ gbọ́, èébú tí wọ́n bá fèsì sí kì í dun Hafiya. Dídákẹ́ yẹn ló dùn ún. Ó ní Panas ti fojú tín-ín-rín òun débi pé kò tiẹ̀ lè bá òun jà mọ́. Ó ní lọ́jọ́ Sátidé, bọ́ọ̀sì àárọ̀ ni òun máa wọ̀ lọ sọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n òun ní Poltava, òun á kó ẹyẹ òun, òun á kó ìtàn òun, òun ò sì ní padà. Kí Panas máa bá ògiri gbé.

Mo mọ̀ ọ́n, kì í sọ irú ẹ̀ ṣeré. Inú bí mi sí àwọn méjèèjì, ó sì tún dùn mí gan-an. Bí Hafiya bá lọ, ta ló máa bá Panas di ìwé rẹ̀ ránṣẹ́ sọ́dọ̀ àwọn tó ń tẹ̀ ẹ́? Ta ló máa gbé fóònù? Panas tí ò mọ ibi tí òòlù tirẹ̀ wà! Ta ni èmi náà á máa bá sọ̀rọ̀ nígbà òtútù? Mo lọ bá Panas, mo ní kó lọ bẹ̀ ẹ́.

"Ohun tó wà nínú ìwé náà kò yé e," ó ní.

"Kí ni kò yé e?"

Ó gbé bíríkì, ó ń lẹ amọ̀ mọ́ ọn. Ìgbéraga àgbà ọkùnrin, kò sí oògùn rẹ̀.

Sátidé pé. Èmi àti Panas wà nídìí ààrò, mo ń ya fọ́tò, Hafiya sì ń di ẹrù rẹ̀ ní yàrá kejì, ó ń gbá àpótí mọ́lẹ̀ gbì gbì kí a lè gbọ́. Ìgbà tí bíríkì kan ibi pẹpẹ, Panas dáwọ́ dúró.

"Kuma, ẹ jọ̀ọ́, ẹ dúró síbí. Ẹ gbé ìkòkò yìí bí ẹni tó fẹ́ gbé e wọnú ààrò."

Mo gbé kámẹ́rà sílẹ̀, mo gbé ìkòkò. Mo ga, mi ò sẹ́. Ọkọ mi olóògbé máa ń sọ pé èmi ò nílò àkàbà láti já ápù. Panas fi èédú fa ìlà sára ògiri lábẹ́ ìgúnpá mi, ó sún sẹ́yìn, ó ń wo ìlà náà bíi pé ó jẹ ẹ́ ní gbèsè.

"Ó ga jù," ó ní.

"Kì í ṣe ẹ̀bi ìlà, èmi ni mo ga. Ta lẹ fi wọn ti inú ìwé?"

Ó ń ha amọ̀ kúrò léèékánná.

"Obìnrin mélòó ló ń gbé ilé yìí, kuma?"

Báàgì kan já lulẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Hafiya ló dúró síbẹ̀, ó ti wé gèlè ìrìnàjò, ó ti wọ bàtà. Ó wo ìlà èédú. Ó wá wo èmi tí mo gbá ìkòkò mọ́ra láàárín ilé ìdáná rẹ̀. Ó ti gbàgbé pé kuma ni mo jẹ́.

"Melaniya, kí lo gbé dání?"

"Ìkòkò ni."

"Ìkòkò ta?"

"Tiyín ni."

"Gbé e fún mi."

Ó gba ìkòkò, ó fi ìdí tì mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó sì dúró síbi tí mo dúró sí.

"Wọ̀n ọ́n," ó ní.

"Hafiya, bọ́ọ̀sì ẹ ti…"

"Mo ní kó o wọ̀n ọ́n!"

Panas kúnlẹ̀. Ó fa ìlà mìíràn, ó lọ sílẹ̀ sí tèmi ní ìbú àtẹ́lẹwọ́ kan. Hafiya bojú wolẹ̀ wo ìlà náà.

"Ṣé èmi ni látọjọ́ yìí? Pẹpẹ abọ́ náà?"

"Ta ni ǹ bá tún fi wọ̀n?"

"Kí ló dé tí o ò sọ?"

"O ti ní aràrá ni."

Bọ́ọ̀sì fun họ́ọ̀nù ní ìkóríta, ó sì kọjá lọ. Imú Hafiya ti pọ́n. Panas ṣì wà lórí ìkúnlẹ̀ níbẹ̀, ó ní òun á tún un ṣe nínú ìwé tuntun yìí, òun á kọ ọ́ síbẹ̀ pé kí obìnrin kọ̀ọ̀kan fi ìgúnpá ara rẹ̀ wọ̀n ọ́n.

"O ò ní yí nǹkan kan níbẹ̀," Hafiya ní.

"Ẹ̀yìn ń dun àwọn èèyàn o, Hafiya."

"Kó máa dùn wọ́n. Kí wọ́n máa bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀."

Ó sì dúró síbẹ̀ pẹ̀lú bàtà ìrìnàjò lẹ́sẹ̀, ó gbá ìkòkò mọ́ra, títí Panas fi to bíríkì dé ojú ìlà náà.