Ẹlẹ́rìí Tí Àbúrò Mi Pè

Lọ́yà mi ti fi dá mi lójú pé ẹjọ́ náà kò ní pẹ́. Àbúrò mi ti fọwọ́ síwèé pé ayálégbé mi lòun nínú ṣọ́ọ̀bù tí a ti ń ránṣọ. Bí adájọ́ kò bá rí ohun gidi dì mú nínú àwíjàre rẹ̀, kò ní jẹ́ kó rojọ́ rárá. Yóò ní kó kó ẹ̀rọ rẹ̀ jáde. Ohun tí mo fẹ́ gan-an nìyẹn. Ọ̀rọ̀ rẹ̀ ti sú mi.

Nígbà tí a dé kóòtù, adájọ́ bi àbúrò mi bóyá òun ló fọwọ́ sí ìwé náà.

"Èmi ni, Olúwa mi. Ẹ̀gbọ́n mi ló ní ká kàn fi ìwé náà han báǹkì ká lè rí owó yá ni. Àwa méjèèjì ni bàbá wa fi ṣọ́ọ̀bù sílẹ̀ fún. Ta ní í bi ẹ̀gbọ́n rẹ̀ pé kí ló wà nínú ìwé?"

Mo rẹ́rìn-ín. Ẹnu lásán ò lè ya ìwé.

Adájọ́ tún bi í pé, "Ta ló wà níbẹ̀ nígbà tó sọ bẹ́ẹ̀?"

"Màmá wa."

Màmá jókòó sẹ́yìn wa. Láti àárọ̀ ni wọ́n ti ń bẹ̀ wá pé ká jẹ́ ká parí ẹ̀ nílé.

Adájọ́ gbé gègé sílẹ̀. "Ọ̀rọ̀ yìí yẹ ní gbígbọ́. Mo fún un láyè láti rojọ́. Kí Màmá wá jẹ́rìí nígbà ìjókòó tó ń bọ̀."

Nígbà tí a dé orí àtẹ̀gùn, mo na ọwọ́ sí Màmá lápá ọ̀tún, àbúrò mi na tiẹ̀ lápá òsì. Wọ́n wo ọwọ́ méjèèjì. Ògiri ni wọ́n dì mú sọ̀kalẹ̀.