Lẹ́tà Òdòdó àti Bírò Pupa

Ọdún kejìlá rèé tí èmi Ìbíyẹmí ti ń ṣe alága ìdúró, tí mò ń bá ẹbí ọkọ sọ̀rọ̀ níwájú àna. Mo ti rí ìyàwó tó dákú, mo ti rí àna tó jà nítorí iṣu. Ṣùgbọ́n bàbá ìyàwó tó mú bírò pupa wá síbi ìtọrọ, Ifẹ̀-Ọ̀dàn ni mo ti rí i.

Túnmiṣe, ọmọ Bàbá Oyèníran ti Isundunrin, la wá tọrọ Faith fún. Ọdún mẹ́rin ló ti ń fẹ́ ẹ sọ́nà. Ọkọ ìyàwó dọ̀bálẹ̀ gbalaja sórí ẹní, èmi náà gbé lẹ́tà wa kalẹ̀ pẹ̀lú ríbọ́ọ̀nù rẹ̀. Gẹ̀ẹ́sì ni, bíi ti gbogbo ayé. Peculiar, àbúrò ìyàwó, kà á sókè: a rí òdòdó kan tó rẹwà nínú ọgbà yín, a sì fẹ́ já a.

Ọ̀gbẹ́ni Adéwọ̀yìn, bàbá Faith, ti fi ọdún márùndínlógójì kọ́ àwọn ọmọ ilé ìwé ní Gẹ̀ẹ́sì kó tó fẹ̀yìn tì. Ó gba lẹ́tà náà, ó sì fa bírò yọ.

"Ta ló sọ̀rọ̀ òdòdó yìí?"

"Àwa ni, sà."

"Irọ́ ni. Ó wà nínú lẹ́tà tí mo fi tọrọ ìyá Faith. Ó wà nínú ti ẹ̀gbọ́n mi. Ẹni tó bá mú ọ̀rọ̀ ọlọ́rọ̀ nínú Gẹ̀ẹ́sì, á fi àmì àyọlò sí i níwájú àti lẹ́yìn, ká lè mọ̀ pé ó yá a ni. Ẹ lọ tún un ṣe. Mi ò ní fọmọ mi fún olè."

Mo rò pé eré àna ni. Ojú rẹ̀ ò rẹ́rìn-ín. Inú bí mi, ṣùgbọ́n ẹni tó máa jẹ oyin inú àpáta kì í wo ẹnu àáké. Mo gba bírò.

Kò sí tábìlì nítòsí, bẹ́ẹ̀ ni kò sẹ́ni tó tíì ní kí Túnmiṣe dìde. A tẹ́ lẹ́tà sẹ́yìn rẹ̀. Bàbá Oyèníran, tó lo ọgbọ̀n ọdún ní Àbíjàn, fi àmì àwọn Faransé sí i, èyí tó lẹ́nu ṣóńṣó. Ọ̀gbẹ́ni Adéwọ̀yìn dá a padà, ó ní ta là ń ta lọ́fà. A pa á rẹ́, a fi ti Gẹ̀ẹ́sì. A fi sí òdòdó, a fi sí ọgbà, a fi sí ìkíni, a fi sí "tayọ̀tayọ̀". Ó wá ku orúkọ ọkọ ìyàwó nìkan.

Bàbá Oyèníran ní, "Ìyá mi ló sọ ọ́ lórúkọ yẹn." A fi síyẹn náà.

"Ẹ rọra o," Túnmiṣe kígbe láti ilẹ̀, "bírò ń gún mi!"

Ọ̀gbẹ́ni Adéwọ̀yìn yẹ̀ ẹ́ wò títí. "Kò sí àṣìṣe mọ́. Èwo wá ni ọ̀rọ̀ tiyín níbẹ̀?"

Mo rí i pé Faith fẹ́ bọ́ lọ́wọ́ wa lóòótọ́.

Bàbá Oyèníran ṣí fìlà. "Àna wa, mi ò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Látìgbà tí ìyá Túnmiṣe ti kú, èmi àtọmọ mi kì í sọ̀rọ̀ nídìí oúnjẹ. Ọjọ́ tí Faith kọ́kọ́ wá kí wa ni mo tún gbọ́ ẹ̀rín ọmọ mi. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má jẹ́ kílé yẹn tún dákẹ́."

Ọ̀gbẹ́ni Adéwọ̀yìn gba bírò rẹ̀ padà. Ó mú lẹ́tà ìdáhùn tiwọn, èyí tí wọ́n ti tẹ̀ sílẹ̀ láti Ẹ̀jìgbò. Òdòdó ló kún inú rẹ̀ fọ́fọ́. Ó fa ìlà pupa gba orí gbogbo rẹ̀, ó yí i padà, ó sì ń kọ̀wé. Ó kọ, ó pa á rẹ́, ó tún kọ.

Peculiar kà á fún wa. Ọ̀rọ̀ Bàbá Oyèníran ló wà lókè, lódidi, ní Yorùbá, àmì níwájú, àmì lẹ́yìn, orúkọ rẹ̀ nísàlẹ̀. Ohun tó tẹ̀ lé e ò ní àmì kankan: Ilé tèmi ló kàn tó máa dákẹ́. Ẹ máa mú un lọ.

Peculiar gbójú sókè. "Dádì, èmi ńkọ́?"

Gbogbo ilé bú sẹ́rìn-ín, bàbá náà sì ń fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu ojú. Ìgbà yẹn ni mo tó rántí pé Túnmiṣe ṣì wà nílẹ̀.