Ìka Inú Wàrà

3.
…ìyá ọkọ sì tún ti ìka bọ inú wàrà tó ń fún, kí ọmú màlúù lè máa yọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀. Bí ìyá tó bí i ṣe kọ́ ọ nìyẹn. Ta ni yóò wá kọ́ àgbàlagbà níṣẹ́ ọwọ́ ẹ̀?

4.
ÌKÉDE
Wàrà ilé yìí ti kan lẹ́ẹ̀mejì. Bó bá tún kan, ọkọ̀ wa tó ń gba wàrà kò ní yà síbí mọ́.

5.
Ìyá ka ìkéde. Ó wo ìyàwó ọmọ rẹ̀. Òun ló ń fọ garawa, àbí òun kọ́?

(Ẹ̀kẹfà? Omi gbé e lọ.)

7.
Ohun tí ìyá gbọ́ láti ẹ̀yìn ògiri:

AWAKỌ̀ WÀRÀ: Ta ló ń ba wàrà yìí jẹ́?
ÌYÀWÓ: Èmi ni, bùọ̀dá. Mo máa ń ti ìka bọ̀ ọ́ tí mo bá ń fún un. Ẹ má bínú.
AWAKỌ̀: Háà! Gbogbo ìdọ̀tí ọwọ́ àti ti ọmú lẹ ń kó síbẹ̀ yẹn. Omi gbígbóná, ọṣẹ, aṣọ mímọ́. Ọ̀la ni ìkẹyìn o.

8.
Ìyàwó ò ti ìka bọ wàrà rí.

9.
Ohùn tí ìyá fi ránṣẹ́ sí ọmọ rẹ̀ lórí fóònù:
“Ìwọ ọmọ yìí, ojú rẹ ò fọ́ lọ́jọ́ tó o lọ fẹ́yàwó. O ṣeun. Má bi mí léèrè.”

10.
ÌYÁ: Bu omi gbígbóná wá.
ÌYÀWÓ: Ẹ fẹ́ wẹ̀ ni, Màámi?
ÌYÁ: Ọwọ́ ni. Wọ́n ní ọwọ́ àgbàlagbà ò wọ kèrègbè. Tèmi wọ garawa. O ṣé, ìyàwó wa.
ÌYÀWÓ: Mi ò gbọ́ nǹkan kan o. Ẹ jẹ́ n fọ èékánná yín.

11.
Ìka ìyá tún sọ̀ kalẹ̀ fúnra rẹ̀.
Ó dúró lókè wàrà.
Ó padà.

12.
Awakọ̀ gbóòórùn wàrà, ó bu díẹ̀ sínú ìgò. Ó ní ó dìgbà tí wọ́n bá yẹ̀ ẹ́ wò.

AWAKỌ̀: Ta ló fún tòní?
ÌYÁ: Èmi ni. Èmi náà ni mo fún tàná. Ìyàwó wa ló fọ̀ mí lọ́wọ́.

Ìyàwó wolẹ̀. Inú ìyá dùn, ó dùn gan-an.

13.
ÈSÌ: (kò tíì dé)

 

14.
Omi ti wà lórí iná.