Abọ́ Àlìkámà Haralambie

Ọjọ́ tí ìròyìn ikú ọkọ mi dé, ewé èsìsì ni mo ń sè. Profira aládùúgbò wa ló gbọ́ ọ ní ọ́fíìsì ìjọba: Haralambie ti kú sínú kòtò èédú tí ìjọba mú un lọ máa wà.

Safta, ìyá rẹ̀, kò ké. Ó ní, "Anisia, gbé àlìkámà yẹn jáde. Ọmọ mi gbọ́dọ̀ ní kolifa."

Ní Moldova wa, òkú tí a kò se kolifa, àlìkámà olóyin, fún, ọwọ́ òfo ló fi dé ọ̀hún. Ṣùgbọ́n abọ́ kan péré ló kù nínú àlìkámà àtijọ́ wa, èyí tí í fara da ọ̀gbẹlẹ̀. Ìjọba ti kó ìyókù lẹ́yìn ogun. Wọ́n ní irúgbìn tiwọn nìkan ni kí a máa gbìn. Ọ̀gbẹlẹ̀ jó tiwọn mọ́ ilẹ̀, ebi sì ń pa wá kú láti ilé dé ilé. Haralambie ló rán èyí tó kù mọ́ inú ìrọ̀rí kí wọ́n tó mú un lọ.

"Màmá, bí a bá sè é, ó tán nìyẹn. Kò sẹ́ni tó tún ní in."

"O fẹ́ gbìn ín? Ta ni yóò kórè rẹ̀? Ìwọ egungun yìí, àbí èmi?"

Profira rẹ́rìn-ín kíkan. "Ẹ sè é jàre, ìyá. Èmi náà á rí ṣíbí kan lá."

Safta fọ àlìkámà náà lómi lẹ́yìn omi, bí àṣà ti wí. Ó rẹ ẹ́, ó fi aṣọ bò ó. N kò bá a jà. Òun ló bí Haralambie.

Ṣùgbọ́n kí ó tó dáná, òòyì ebi gbé e ṣubú. Mo ń fi omi èsìsì sí i lẹ́nu, a kò rántí abọ́ náà mọ́. Nígbà tó lè jókòó lọ́jọ́ kẹta, ó ṣí aṣọ. Gbòǹgbò funfun ti yọ lára àwọn wóró náà.

Ó wò ó títí. "Ó ti hù. A kì í fi ohun alààyè se kolifa."

"Ẹ má bínú, Màmá."

"Kí n bínú sí ta? Olóríkunkun ni ọmọ yẹn láti inú oyún. Fà mí dìde."

A rọra dé ẹ̀yìnkùlé. Àwa méjèèjì di abọ́ náà mú, a ń gbé e sókè, a ń sọ̀ ọ́ kalẹ̀, bí a ti ń ṣe fún òkú ní ṣọ́ọ̀ṣì, a sì ń kọrin pé kí ìrántí rẹ̀ wà títí láé. Mo kúnlẹ̀, mo fi ìka dá ilẹ̀ lu, mo sì ju wóró kan sí i.